Orúkọ Ta Ló Wà Nínú Dáyárì Yẹn?

Ní ọjọ́ 4 oṣù kẹjọ ọdún 1944, àwọn ọlọ́pàá Násì já wọ ilé kan ní Amsterdam, wọ́n sì kó àwọn Júù mẹ́jọ tó sá pamọ́ síbẹ̀ lọ. Lẹ́yìn tí wọ́n lọ, Miep Gies, ọ̀kan nínú àwọn tó ń gbé oúnjẹ wá fún wọn, ṣa àwọn ìwé tí Anne Frank kọ nílẹ̀. Ó kó wọn sínú dúrọ́ọ̀ tábìlì rẹ̀ láìkà wọ́n. Ìgbà tó yá ló sọ pé ká ní òun kà wọ́n nígbà yẹn ni, òun ì bá dáná sun wọ́n, torí orúkọ àwọn tó ń ṣèrànwọ́ àti ti àwọn tó ń ta oúnjẹ fún wọn ní bòókẹ́lẹ́ wà níbẹ̀ kedere.

Ibẹ̀ ló yẹ kí ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ máa kọ dáyárì lábẹ́ ìjọba apàṣẹwàá ti bẹ̀rẹ̀ ìrònú rẹ̀. Ibi ìfipamọ́ ni ọ̀pọ̀ ìmọ̀ràn tí wọ́n ń fúnni lórí ọ̀rọ̀ yìí máa ń dá lé: abẹ́ pákó ilẹ̀, inú ògiri, ọ̀rọ̀ aṣínà tó gùn. A máa dé ibẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sí ibi ìfipamọ́ tí wọn ò lè rí lọ́jọ́ kan, ohun tó bá sì wà lójú ìwé lọ́jọ́ náà ló máa pinnu iye èèyàn tó máa sùn sí àtìmọ́lé. Ẹni tó ń kọ ọ́ ti mọ̀ọ́mọ̀ fi ara rẹ̀ wewu. Aládùúgbò tó bá a ṣàwàdà nípa olórí ìjọba lórí ìlà búrẹ́dì kò fọwọ́ sí nǹkan kan.

Ó yẹ kéèyàn mọ bí ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ṣe ń ka dáyárì, torí kì í kà á bí èmi àti ẹ̀yin ṣe ń kàwé. Ní oṣù kìíní ọdún 1937, àwọn NKVD, ìyẹn ọlọ́pàá abẹ́lẹ̀ Stalin, tú ilé àwọn Nina Lugovskaya ní Moscow. Ọmọge tí kò tíì pé 20 ọdún ni, ó sì ti ń kọ dáyárì láti ọdún 1932. Ọ̀rọ̀ ilé ẹ̀kọ́, ìbànújẹ́ àti àwọn ọmọkùnrin tó wù ú ló pọ̀ jù níbẹ̀. Ẹni tó yẹ ìwé náà wò fo gbogbo ìyẹn kọjá. Ó fa ìlà sábẹ́ ibi tó ti bú Stalin, ibi tó ti sọ pé ó wu òun kí òun pa á, àti àwọn ọ̀rọ̀ tó kan bàbá rẹ̀, ẹni tí ìjọba ti lé kúrò nílùú. Òun, ìyá rẹ̀ àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin méjèèjì ni wọ́n jọ dá ọdún 5 fún ní àgọ́ iṣẹ́ àṣekára ní Kolyma. Lọ́dún yẹn kan náà, wọ́n fi pẹ́ńsùlù pupa sàmì sí dáyárì Andrei Arzhilovsky, tó ti ṣe àgbẹ̀ rí ní agbègbè Tyumen. Wọ́n yìnbọn pa á ní oṣù kẹsàn-án.

Ìlà tí wọ́n fà yẹn kọ́ wa lẹ́kọ̀ọ́. Gbólóhùn kúkúrú tó ṣeé dà kọ sínú fáìlì ni wọ́n ń wá, èyí tó ní orúkọ, ọjọ́ àti ohun tí ẹni náà sọ. Ojú ìwé tó kún fún iye owó epo àti òjò tí kò dá máa ń sú wọn, wọ́n á ṣí i kọjá. Bẹ́ẹ̀, bí a ó ṣe rí i níwájú, irú ojú ìwé yẹn gan-an ló máa ń wúlò jù fún àwọn tó ń bọ̀ lẹ́yìn.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yanjú ọ̀rọ̀ orúkọ. Lẹ́tà ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ kò tó. Bí dáyárì bá ní "T. sọ níbi iṣẹ́ lónìí pé…", tó sì jẹ́ pé T. kan ṣoṣo ló wà níbi iṣẹ́ náà, orúkọ rẹ̀ lẹ kọ yẹn. Ẹ fún un ní orúkọ mìíràn pátápátá, kí ẹ sì yí nǹkan méjì mìíràn padà mọ́ ọn: iṣẹ́ rẹ̀ àti ọjọ́ orí rẹ̀, tàbí kí ọkùnrin di obìnrin, kí ẹ̀gbọ́n di àbúrò. Bó bá jẹ́ ẹyọ kan lẹ yí padà, aṣèwádìí tó bá jókòó tì í fún wákàtí kan á tú u. Orúkọ tó rọrùn jù láti rántí ni ti ẹnì kan tó ti kú tipẹ́, tí ìrísí tàbí ìwà rẹ̀ jọ ti ẹni tí ẹ ń kọ nípa rẹ̀. Kò sẹ́lòmíì tó lè mọ ìdí tí ẹ fi yan orúkọ yẹn. Ẹ má ṣe kọ àkójọ kankan síbì kankan tó máa fi hàn pé lágbájá ni tàmẹ̀dò. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá ẹ lè gbàgbé ẹni tí orúkọ kan dúró fún. Ẹ jẹ́ kó bẹ́ẹ̀. Owó tí èèyàn ń san fún ààbò ẹlòmíì nìyẹn.

Ọjọ́ àti wákàtí náà máa ń tú àṣírí, àwọn èèyàn kì í sì fiyè sí i. Bí ẹ bá kọ pé ẹ rí ẹnì kan ní agogo 4 ọ̀sán ọjọ́ Ìṣẹ́gun, iléeṣẹ́ fóònù ní àkọsílẹ̀ òpó tí fóònù yín àti tirẹ̀ so mọ́ ní wákàtí yẹn. Kí wọ́n gbé méjèèjì síra ló kù. Nítorí náà, ọ̀nà méjì la máa ń gbà kọ ọjọ́. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní gbangba, bí ìkéde ìjọba, ìwọ́de, ọjà tó wọ́n gógó tàbí iná tí wọ́n pa, ẹ kọ ọ́ sí ọjọ́ tó ṣẹlẹ̀ gan-an, kí ẹ tilẹ̀ fi orúkọ ọjọ́ ọ̀sẹ̀ kún un, torí ó ń ràn èèyàn lọ́wọ́ láti rí àṣìṣe lẹ́yìn ọ̀la. Ohun tí ẹnì kan sọ fún yín ní kọ̀rọ̀, ẹ jẹ́ kó pé bí ọjọ́ mélòó kan kí ẹ tó kọ ọ́, láìsọ ibi tẹ́ ẹ ti pàdé.

Ẹnì kan lè sọ pé Victor Klemperer kò ṣe báyìí. Òótọ́ ni. Júù ni, ọ̀jọ̀gbọ́n lítíréṣọ̀ Faransé ní Dresden, ó sì kọ dáyárì rẹ̀ láti ìgbà tí Hitler gorí àlééfà lọ́dún 1933 títí di òpin ogun, tòun ti orúkọ àwọn èèyàn gan-an. Ó mọ ohun tó ń ṣe. Ó kọ ọ́ sínú ìwé náà fúnra rẹ̀ pé bí Gestapo, ìyẹn ọlọ́pàá abẹ́lẹ̀ Násì, bá rí i, ikú ni fún òun, fún Eva ìyàwó òun, àti fún àwọn tí òun dárúkọ. Wọ́n tú ilé rẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, wọn ò rí i. Mo bọ̀wọ̀ fún ọkùnrin náà gan-an, ṣùgbọ́n oríire nìyẹn, kò ṣeé fi ṣe àwòkọ́ṣe.

Ibi tó ti jẹ́ ọ̀gá fún gbogbo wa ni ohun tó yàn láti kọ. Klemperer kò gbìyànjú láti kọ ìtàn ogun. Ó mọ̀ pé àwọn mìíràn máa kọ ìyẹn. Àwọn òfin kéékèèké tí wọ́n fi ń há Júù mọ́ ló kọ, bí wọ́n ṣe ń jáde lọ́kọ̀ọ̀kan: ọjọ́ tí wọ́n ní kò gbọdọ̀ wọ ilé ìkàwé mọ́, ọjọ́ tí wọ́n ní kò gbọdọ̀ wa mọ́tò mọ́, ọjọ́ tí wọ́n gba táìpúráítà rẹ̀, ọjọ́ tí wọ́n ní kò gbọdọ̀ sin ológbò nínú ilé. Ó tún ń ṣọ́ ọ̀rọ̀ tó ń yí padà lẹ́nu àwọn èèyàn: ọ̀rọ̀ tí ìwé ìròyìn ìjọba bẹ̀rẹ̀ lóṣù yìí, tí òṣìṣẹ́ ilé ìfìwéránṣẹ́ ń sọ lóṣù tó tẹ̀ lé e, tí Júù fúnra rẹ̀ sì ń sọ níkẹyìn láìmọ̀. Kò sí ilé àkójọ ìwé ìjọba kankan tó lè fún wa ní irú nǹkan bẹ́ẹ̀.

Friedrich Kellner gba ọ̀nà mìíràn. Òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́ ni ní Laubach, ìlú kékeré kan ní Jámánì, kì í sì í ṣe Júù. Ó gé ìròyìn láti inú ìwé ìròyìn ìjọba, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ ojú ìwé, ó sì kọ èsì tirẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ìwé ìkọ̀wé 10 ló kọ tán láàárín ọdún 1939 sí 1945. Ọgbọ́n ńlá ló wà nínú lílẹ ìròyìn mọ́ ìwé: nígbà tí àwọn ará ìlú bá ń sọ lẹ́yìn ogun pé àwọn ò mọ̀, ẹ̀rí wà pé ohun tí ìwé ìròyìn tí gbogbo èèyàn ń kà sọ ti tó fún ẹni tó bá fẹ́ mọ̀. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1941, Kellner kọ ohun tí sójà kan tó wá lo ìsinmi sọ pé òun fojú ara òun rí: bí wọ́n ṣe to àwọn Júù ìhòòhò síwájú kòtò gígùn, tí wọ́n sì ń yìnbọn lù wọ́n lẹ́yìn orí. Ẹ wo bó ṣe kọ ọ́. Kò dárúkọ sójà náà, ṣùgbọ́n ó sọ irú ẹni tó jẹ́ àti pé ẹni náà rí i ni, kò gbọ́ ọ.

Àṣà yẹn ṣe pàtàkì ju ìkọ̀wé tó dùn lọ. Ohun tí mo rí, ohun tí ẹni tó rí i sọ fún mi, ohun tí wọ́n ń sọ káàkiri, àti ohun tí mo rò: nǹkan mẹ́rin ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni, kí èèyàn sì ní àmì kékeré fún ọ̀kọ̀ọ̀kan ní etí ìwé. Àhesọ kì í ṣe ohun tí à ń jù nù. Àhesọ tí a kọ ọjọ́ tí a gbọ́ ọ sí, tí a sì sọ pé àhesọ ni, ń fi hàn bí ẹ̀rù ṣe ń rìn láàárín ìlú. Ìgbà tí wọ́n bá kọ ọ́ bí òótọ́ ló ń ba gbogbo ìwé jẹ́, torí ẹni tó bá rí irọ́ kan lójú ìwé kejì kò ní gba ojú ìwé ogún gbọ́.

Bí ọpọlọ bá ti rẹ èèyàn, tí kò mọ ohun tó máa kọ, kó kọ iye owó nǹkan mẹ́ta, bí ìlà ṣe gùn tó, ohun tí kò sí ní ṣọ́ọ̀bù, àwàdà tó ń lọ nígboro, àti ohun tí àwọn èèyàn ti ṣíwọ́ sísọ. Ìṣẹ́jú 15 tó. Ẹgbẹ́ tí Emanuel Ringelblum kó jọ ní àgbègbè tí wọ́n há àwọn Júù mọ́ ní Warsaw tilẹ̀ ń tọ́jú bébà tí wọ́n fi wé súìtì àti tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀, wọ́n kó wọn mọ́ dáyárì àti ìròyìn ìpakúpa.

(Ìjọba apàṣẹwàá pàápàá fẹ́ràn dáyárì, bó bá jẹ́ irú tirẹ̀. Lẹ́yìn ikú sójà kan tó ń jẹ́ Lei Feng lọ́dún 1962, ìjọba Ṣáínà tẹ dáyárì tí wọ́n ní ó kọ jáde, èyí tó kún fún ìyìn Mao, wọ́n sì ní kí gbogbo orílẹ̀-èdè fi ṣe àwòkọ́ṣe. Ẹni tó bá ti ka irú ìwé bẹ́ẹ̀ máa mọ ohun tó yàtọ̀ lójú ẹsẹ̀: ebi kì í pa ẹnikẹ́ni níbẹ̀, kò sì sẹ́ni tó ń ráhùn.)

Ìṣòro kan wà tí bébà àti kọ́kọ́rọ́ kò lè yanjú. Bó bá pẹ́, ẹni tó ń kọ á bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ ohùn ọlọ́pàá nínú orí ara rẹ̀. Á kọ gbólóhùn kan, á pa á rẹ́, á fi èyí tó tutù rọ́pò rẹ̀, títí ìwé náà á fi di ohun tí ìjọba lè tẹ̀ jáde. Lójú tèmi, àlàfo sàn ju irọ́ lọ. Ẹ fa ìlà gbọọrọ kan láti fi hàn pé nǹkan kan ṣẹlẹ̀ tí ẹ kò lè kọ, kí ẹ sì kọjá. Àwọn nǹkan kan wà tí kò yẹ kó dé orí bébà rárá, àfi orí èèyàn. Ní Leningrad, akéwì Rọ́ṣíà nì, Anna Akhmatova, máa ń kọ ewì rẹ̀ sórí bébà pélébé, á nà án sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ Lydia Chukovskaya, tọ̀hún á kà á sórí láìlanu, wọ́n á sì sun bébà náà nínú àwo eérú sìgá, nígbà tí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀ ojú ọjọ́ sókè fún àwọn tó lè máa tẹ́tí lẹ́yìn ògiri.

Ó kan ohun èlò wàyí. Pẹ́ńsùlù ni mo máa yàn ṣáájú bírò. Omi kì í fọ ojú ìkọ̀wé pẹ́ńsùlù lọ, oòrùn kì í sì í pa á rẹ́. Íńkì olómi máa ń ṣàn bí omi bá kàn án, ohun tí ẹ̀rọ rìsíìtì sì tẹ̀ sórí bébà rẹ̀ máa ń ṣá láàárín ọdún díẹ̀. Pẹ́ńsùlù HB tàbí B, bébà funfun tí kò nípọn, tí kò sì ní ìlà, kí ó jẹ́ ẹyọ ẹyọ, kó má ṣe jẹ́ ìwé tí wọ́n dì. Ìwé tí wọ́n dì ní ẹ̀yìn, ó ní ọ̀pọ̀ ojú ìwé, ó sì ń jọ dáyárì lójú ẹni tó bá ṣí dúrọ́ọ̀. Bébà ẹyọ kan jọ ohunkóhun. Ohun tí ọ̀pọ̀ kò mọ̀ ni pé bí ẹ bá kọ̀wé lórí bébà tó wà lórí bébà mìíràn, ọwọ́ yín ti tẹ̀ mọ́ ti ìsàlẹ̀. Ilé àyẹ̀wò ọlọ́pàá ní ẹ̀rọ tó ń fi iná mànàmáná àti àtíkè dúdú gbé ojú ìkọ̀wé náà jáde lára bébà tó dà bíi pé ó mọ́ lójú. Orí gíláàsì tàbí táìlì ni kí ẹ ti máa kọ ọ́, ẹyọ bébà kan lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Ẹ̀rọ kò bo ọwọ́ èèyàn bí àwọn kan ṣe rò. Òfin 98 ti ọdún 1983 ní Ròmáníà pàṣẹ kí gbogbo ẹni tó ní táìpúráítà forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ọlọ́pàá, kó sì tẹ àpẹẹrẹ lẹ́tà rẹ̀ sílẹ̀, torí eyín táìpúráítà kọ̀ọ̀kan ní bó ṣe ń jẹ. Lónìí, ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ ìtẹ̀wé aláwọ̀ onílésà ń tẹ àmì tóótòòtó aláwọ̀ ìyeyè, tí ojú lásán kò lè rí, sí gbogbo ojú ìwé. Nọ́ńbà ẹ̀rọ náà, àti ọjọ́ tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ nígbà mìíràn, wà nínú rẹ̀.

Ní ti ibi ìpamọ́, òfin kan borí àwọn yòókù: ohun tó wà nílé kò gbọdọ̀ ju ohun tí a lè pa run láàárín ìṣẹ́jú méjì. Bí àwọn Klemperer ṣe là á já nìyẹn. Ojú ìwé díẹ̀ ló máa ń wà nílé, tí wọ́n fi há inú ìwé atúmọ̀ èdè Gíríìkì. Eva, tí kì í ṣe Júù, tó sì lè wọ ọkọ̀ ojú irin, á wá kó wọn lọ sọ́dọ̀ Annemarie Köhler, ọ̀rẹ́ wọn tó jẹ́ dókítà ní Pirna. Nígbà tí wọ́n ju bọ́ǹbù sí Dresden ní oṣù kejì ọdún 1945, tí ilé tí wọ́n ń gbé jóná, ohun tó wà ní Pirna kò bá a lọ. Ẹ kíyè sí i pé iná àti omi ń pa dáyárì bí ọlọ́pàá ṣe ń pa á.

Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ẹ̀yìn fọ́tò ara ògiri, inú táǹkì ilé ìgbẹ́, inú firísà, inú àpò ìrẹsì: ibẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ tọwọ́ bọ̀. Ẹni tó ń tú ilé ti tú ọgọ́rùn-ún ilé ṣáájú tiyín. Ní ti kí wọ́n sọ fún ará ilé, kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló wà. Kì í ṣe pé wọ́n burú, àmọ́ ọmọ ọdún méje tí olùkọ́ bá bi léèrè ohun tí bàbá rẹ̀ ń kọ lóru á dáhùn.

Rírì í mọ́lẹ̀ ni èèyàn ń sá dì bí ọ̀nà mìíràn kò bá sí, ibẹ̀ sì ni ìtàn ti kọ́ wa jù. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1942, àwọn ènìyàn Ringelblum ri àpótí páànù 10 mọ́ abẹ́ ilé ẹ̀kọ́ kan ní òpópónà Nowolipki. Wọn ò dí ẹnu wọn pa dáadáa. Nígbà tí wọ́n hú wọn ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1946, omi ti wọ inú wọn, bébà ti lẹ̀ mọ́ra, íńkì ti ṣàn. Àwọn ìwé tí wọ́n kó sínú garawa wàrà onírin méjì ní ọdún 1943 ni wọ́n rí ní oṣù kejìlá ọdún 1950, wọ́n sì dára ju ti àkọ́kọ́ lọ fíìfíì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé wọ́n pẹ́ jù wọ́n lọ nínú ilẹ̀. Ìdérí tó dí pinpin ló fa ìyàtọ̀. Apá kẹta tí wọ́n rì mọ́lẹ̀, wọn ò tíì rí i di òní. Nínú ọgọ́ta èèyàn tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ tó bá wọn ṣiṣẹ́, mẹ́ta péré ló yè, Hersh Wasser nìkan ló sì lè júwe ibi tí wọ́n rì í sí.

Nítorí náà: ìgò gíláàsì tó ní rọ́bà lẹ́nu. Ẹ jẹ́ kí bébà gbẹ fún ọjọ́ kan tàbí méjì nínú yàrá tí kò lọ́rinrin kí ẹ tó ká a wọlé, ẹ fi àpò kékeré amúgbẹ tí wọ́n máa ń rí nínú páálí bàtà sí i, ẹ má ṣe lo ọ̀rá nìkan, torí ọ̀rá máa ń làágùn nínú. Ẹ má ṣe fi igi ṣe àmì ibẹ̀, wọ́n lè gé e. Igun ilé tàbí òkúta ńlá sàn, kí ẹ sì wọn ìṣísẹ̀ láti ibi méjì. Kí èèyàn méjì tí kì í gbé pọ̀ mọ ibẹ̀. Kí ẹ sì bi ara yín pé kí ni wọ́n lè wá kọ́ síbẹ̀. Ní ẹ̀wọ̀n erékùṣù Robben, láàárín àwọn ọdún 1970, Mandela kọ ìtàn ayé rẹ̀ ní bòókẹ́lẹ́. Àdàkọ rẹ̀ tí wọ́n fi lẹ́tà wínníwínní kọ jáde lọ láìséwu, ṣùgbọ́n wọ́n ri ìwé àkọ́kọ́ mọ́ inú àgbàlá ẹ̀wọ̀n. Ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í mọ ògiri níbẹ̀, wọ́n sì hú u jáde. Wọ́n dá ìkọ̀wé Mandela àti ti Sisulu àti Kathrada, àwọn ẹlẹ́wọ̀n ẹgbẹ́ rẹ̀, mọ̀ lójú ìwé náà, wọ́n sì gba àǹfààní ẹ̀kọ́ kíkọ́ lọ́wọ́ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta fún ọdún 4.

Fóònù ńkọ́? Ó wù mí kí n sọ pé kí ẹ má lò ó rárá. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ èèyàn kò ní nǹkan mìíràn, ẹ jẹ́ ká sọ ibi tó ti ń jò. Pátákó ìtẹ̀wé ojú fóònù máa ń kọ́ orúkọ tí ẹ ń tẹ̀ léraléra, á sì máa mú un wá fúnra rẹ̀ lójú ẹnikẹ́ni tó bá di fóònù náà mú. Ìwé tí ẹ kọ lè ti gun orí íntánẹ́ẹ̀tì lọ fúnra rẹ̀, sínú ibi ìpamọ́ tí iléeṣẹ́ kan lè ṣí fún ìjọba. Fọ́tò ojú ìwé tí ẹ parẹ́ ṣì wà nínú àpò ìdọ̀tí fóònù fún bí ọjọ́ 30, ibi àti wákàtí tí ẹ ti yà á sì lè wà lára rẹ̀. Ìka ọwọ́ àti ojú kì í ṣe àgádágodo gidi níwájú ẹni tó lè di ọwọ́ yín mú. Nọ́ńbà gígùn sàn. Fóònù tí wọ́n pa pátápátá sì le láti wọ ju èyí tó ṣì wà ní títàn lọ, torí títí ẹ ó fi tẹ nọ́ńbà náà lẹ́yìn tí ẹ tàn án, ọ̀pọ̀ nǹkan inú rẹ̀ ṣì wà ní títì.

Fún ti kọ̀ǹpútà, ẹ fi ẹnà ti gbogbo dísìkì, kì í ṣe fáìlì kan ṣoṣo, torí kọ̀ǹpútà máa ń fi ẹ̀dà fáìlì sí ibi tí ẹ kò mọ̀. Dísìkì SSD, irú èyí tó wà nínú ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà òde òní, kì í pa nǹkan rẹ́ síbi tí ẹ rò pé ó wà. "Mo ti pa á rẹ́" kò túmọ̀ sí nǹkan kan níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ aṣínà tó dáa kì í ti inú orí wá, orí èèyàn kì í mọ bí a ti ń yan nǹkan láìnídìí. Àkójọ ọ̀rọ̀ 7,776 wà tí wọ́n ṣe fún un: ẹ ju dáìsì lẹ́ẹ̀márùn-ún, nọ́ńbà márùn-ún tó bá jáde á fún yín ní ọ̀rọ̀ kan, ẹ ṣe é lẹ́ẹ̀mẹ́fà, ẹ ti ní ọ̀rọ̀ mẹ́fà tí ẹ̀rọ kankan kò lè méfò rẹ̀. VeraCrypt, ètò kọ̀ǹpútà kan tó ń fi ẹnà ti nǹkan, lè fi àpótí kan pamọ́ sínú àpótí mìíràn, kí ẹ lè ṣí èyí tí kò ní nǹkan kan nínú fún wọn. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń lu èèyàn ti gbọ́ nípa VeraCrypt. Àti pé bí wọ́n bá ti fi irú amí Pegasus sínú fóònù yín, ojú fóònù gan-an ni wọ́n ń kà bí ẹ ṣe ń kọ ọ́, ẹnà kò sì wúlò mọ́. Ìdí nìyí tí mo fi rò pé bébà ló yẹ fún kíkọ, kí ẹ̀rọ wà fún ẹ̀dà tó máa kọjá ẹnubodè nìkan, lẹ́ẹ̀kan, láti orí ẹ̀rọ tí kì í ṣe ti ẹni tó kọ ọ́.

Bó bá di dandan láti pa á run, kò rọrùn bí wọ́n ṣe ń ṣe é nínú sinimá. Ìwé tí a pa dé kì í jó láàárín, afẹ́fẹ́ kò ráyè wọlé. Etí rẹ̀ á dú, ọ̀rọ̀ á wà síbẹ̀. Ẹ ya á sí ẹyọ ẹyọ, ẹ rún un, bí mẹ́ta tàbí mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan, kí ẹ sì fi igi lọ eérú rẹ̀, torí ojú ìkọ̀wé máa ń hàn lára bébà tó jóná tí kò tíì fọ́. Èéfín ní òru máa ń pe aládùúgbò. Níbi tí iná kò bá ti ṣeé dá, ẹ rẹ bébà tínínrín sínú omi gbígbóná fún wákàtí díẹ̀, kí ẹ pò ó títí á fi di ẹ̀kọ, kí ẹ tó dà á nù díẹ̀díẹ̀. Bébà tí a kàn ya jù sí ilé ìgbẹ́ á dí i, páípù tó dí sì ń pe òṣìṣẹ́ wọlé. Òǹkọ̀wé Rọ́ṣíà nì, Mikhail Bulgakov, sun dáyárì tirẹ̀ lẹ́yìn tí àwọn ọlọ́pàá abẹ́lẹ̀ tí wọ́n gbà á lọ́dún 1926 dá a padà fún un. Kò mọ̀ pé wọ́n ti dà á kọ. Ẹ̀dà ọlọ́pàá yẹn la fi ń kà á lónìí.

Ohun tó kù ni àdéhùn pẹ̀lú ẹni tó ń bá yín tọ́jú rẹ̀. Ọ̀pọ̀ máa ń sọ pé, "Ṣí i nígbà tí ìjọba yìí bá ṣubú." Kò dáa tó. Klemperer rí ìṣubú ìjọba Násì, ó lọ kó àwọn ìwé rẹ̀ ní Pirna, ó sì ń bá dáyárì lọ ní Ìlà Oòrùn Jámánì lábẹ́ ìjọba mìíràn tí kò gba àtakò, títí di ọdún 1959. Ọdún 1995 ni ti àkókò Násì tó jáde ní ìwé. Ọ̀rọ̀ òǹkọ̀wé Mihail Sebastian ní Ròmáníà jọ ọ́: ọkọ̀ pa á ní oṣù karùn-ún ọdún 1945, ọdún 1961 ni àbúrò rẹ̀ rí ọ̀nà gbé dáyárì náà jáde nílùú, ọdún 1996 ló tó di ìwé. Ọdún ni kí ẹ fi ṣe àdéhùn: ẹ kọ ọdún pàtó kan sórí àpò ìwé náà, bí ọdún 30 síwájú, kí ẹ sì fi kún un pé bí ẹni tí ẹ dárúkọ, kódà pẹ̀lú orúkọ àdàpè, bá ṣì wà láàyè nígbà náà, kí wọ́n kọ́kọ́ gbé ojú ìwé tó kàn án fún un kà.